Irin Kì í Gun Òkè

Aago mẹ́fà òwúrọ̀, Ọlá-Ìyá ṣì ń nu ipin ojú.
Èèyàn mẹ́fà la wà nínú bọ́ọ̀sì,
Músẹ́díìkù awakọ̀ ni ìkeje,
ìkẹjọ ni Ọ̀ṣúnyọmí, ọmọge tí yóò fọ̀nà hàn wá,
tó ń fi ìwé pe orúkọ wa bí ọmọ iléèwé.
Ó dé orí tèmi: "Bàbá Ọ̀jẹ́wálé, ẹ̀yin lẹ dàgbà jù.
Ẹ jókòó síwájú, kí òkè lè kọ́kọ́ kí yín."

Ọmọ mi tó wà lókè òkun ló sanwó.
Ó ní, "Bàámi, ẹ ti pé àádọ́rin, ẹ jáde nílé."
Kí ni mo fẹ́ lọ wò?
Ọdún mẹ́rìnlélọ́gbọ̀n ni mo fi ju àsíá fún rélùwéè l'Óṣogbo.
Àsíá pupa: dúró. Àsíá àwọ̀ ewé: máa bọ̀.
Ọ̀nà tó tẹ́jú nìkan ni mo mọ̀ láyé,
irin méjì tí ń lọ, tí ń lọ, tí wọn kì í fara kanra.
Irin kì í gun òkè.
Ó máa ń bẹ̀ ẹ́ ni, á yí gba ibòmíràn.

A kọjá Ìbòkun. Ọkùnrin kan láti Ìkìrun
ń ṣírò owó tó san: "Ṣé oúnjẹ wà nínú ẹ̀? Omi ńkọ́?"
Ìyàwó rẹ̀ tuntun fi ìgbọ̀nwọ́ gún un.
Nígbà tó yá, ilẹ̀ bẹ̀rẹ̀ sí í dìde.
Kò dìde bí ẹni ń bínú,
bí àgbà tó ń fọwọ́ ti orúnkún ni.
Ọ̀nà kọ́ bí ìwọ̀, ó tún kọ́,
àpáta lósì, àfonífojì lọ́tùn-ún.
Músẹ́díìkù ń fọn fèrè ní kọ́nà kọ̀ọ̀kan
fún ẹni tí a kò rí.
Ìyẹn yé mi.

Etí mi dí, ó là.
Kùrukùru bolẹ̀ bí òwú tó tú nínú tìmùtìmù.
Ọ̀ṣúnyọmí bọ́ọ́lẹ̀, ó ṣáájú ọkọ̀,
ó ń ju ìborùn rẹ̀ pupa, táyà ń tẹ̀lé e díẹ̀díẹ̀.
Mo wo bó ṣe ń jù ú. Kò dáa. Ọrùn ọwọ́ rẹ̀ rọ̀ jù.
Èmi náà sọ̀kalẹ̀, orúnkún mi ń ké.
"Ọmọ mi, gbé e jìnnà sára, kọ́wọ́ rẹ le ṣánṣán.
Ẹni tó ń bọ̀ ò mọ̀ ọ́. Aṣọ ló mọ̀."
Báyẹn làwa méjèèjì ṣe ń rìn,
ó tó ìwọ̀n ogún ilé,
títí oòrùn fi ya kùrukùru.

Lórí òkè kan lẹ́yìn Ìmẹ̀sí-Ilé, a jẹ búrẹ́dì àti ẹyin.
(Ọkùnrin Ìkìrun jẹ mẹ́ta.)
Ọ̀ṣúnyọmí nawọ́ síwọ̀-oòrùn: Òṣogbo nìyẹn.
Kálukú ń nàka síbi ọ̀tọ̀.
Èmi ò rí Òṣogbo. Òkè ni mo rí, tó jókòó lẹ́yìn òkè,
bí àgbà ìpàdé tí kò sẹ́ni tó fẹ́ kọ́kọ́ sọ̀rọ̀.
Mo wá ilé mi, mo wá òrùlé ibùdó rélùwéè,
wọn ò tó orí abẹ́rẹ́.
Ó yẹ kó dùn mí. Ẹ̀rín ló pa mí.
Gbogbo ọdún yẹn, ẹ wà níbí,
ẹ ò pè mí, èmi náà ò béèrè yín.

Ilẹ̀ ti ṣú ká tó wọ̀lú.
Orí ìyàwó wà léjìká ọkọ, ọkọ ò ṣírò owó mọ́.
Níbi tí títì ti dá ojú irin kọjá,
Músẹ́díìkù tẹ bíréèkì, ó wòtún, ó wòsì.
Koríko ti hù sáàárín irin.
Síbẹ̀ kò lọ. Èmi ló ń wò.
Mo na apá mi jìnnà sára, ó le ṣánṣán,
mo jù ú wálẹ̀ lẹ́ẹ̀kan.
Ó kọjá.